Orí Keje: Yàrá Ọmọ àti Balùwẹ̀ Nínú Ilé Ẹbí ní Lafiaji

Ilẹ̀ Lafiaji kò fàyè gba ìnákúnàá. Láti Igbosere títí dé Okesuna, láti Simpson títí dé etí ọjà Sandgrouse, ògiri ilé kan fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ ògiri ilé kejì. Ní ibòmíràn ní ìpínlẹ̀ Èkó, púlọ́ọ̀tì kan sábà máa ń jẹ́ ẹsẹ̀ bàtà 60 lọ́nà 120. Ní Erékùṣù Èkó tí Lafiaji wà, ọ̀pọ̀ ilé ni kò rí ìdajì ìyẹn, bẹ́ẹ̀ ẹbí tó ń gbé inú wọn lè pọ̀ ju ti ẹni tó ní odindi púlọ́ọ̀tì lọ. Nítorí náà, ìwé tí wọ́n kọ fún ẹni tó fẹ́ fún ọmọ kọ̀ọ̀kan ní yàrá àti balùwẹ̀ tirẹ̀ kò lè ràn wá lọ́wọ́ púpọ̀. Ìbéèrè tiwa ni pé: nínú yàrá méjì tàbí mẹ́ta, níbo ni àwọn ọmọ yóò sùn, níbo ni wọn yóò ti wẹ̀, tí oorun wọn yóò fi pé, tí ara wọn yóò fi le, tí ẹnikẹ́ni kò sì ní máa já wọlé bá wọn níhòòhò?

Ìdáhùn tí orí yìí mú wá ni pé balùwẹ̀ la kọ́kọ́ ń wá àyè fún, kí yàrá tó tẹ̀ lé e. Bẹ́ẹ̀dì ṣeé gbé. Kọ́bọ́ọ̀dù ṣeé gbé. Àmọ́ páìpù ìgbẹ́, sókàwéè àti dẹ́kìn tí a ti dà, ẹni tó bá fẹ́ ṣí wọn nípò yóò fọ́ ilé. Àwọn tó ń kọ́lé lóde òní kì í sábà ṣe é bẹ́ẹ̀. Wọ́n á kọ́kọ́ pín yàrá tán, wọ́n á wá máa wá kọ̀rọ̀ tó ṣẹ́ kù tí wọ́n lè ti balùwẹ̀ sí. Ohun tó fà á nìyẹn tí balùwẹ̀ kì í fi í ní fèrèsé, tí páìpù ìgbẹ́ fi ń gba òkè ilé ìdáná kọjá, tí ọmọ ọdún mẹ́rin fi ní láti gba àárín àlejò nínú pálọ̀ kó tó lè lọ tọ̀.

Ibi tí a ti ń bọ̀

Ilé tí a mọ̀ mọ́ apá Erékùṣù yìí, láti Pópó Àgùdà wọ Lafiaji, iṣẹ́ ọwọ́ àwọn Àgùdà tó padà dé láti Brazil ní ọ̀rúndún kọkàndínlógún ló pọ̀ nínú rẹ̀. Ọ̀dẹ̀dẹ̀ gígùn kan á la àárín ilé, yàrá á tò sí ọ̀tún àti òsì, àgbàlá á wà lẹ́yìn. Àgbàlá yẹn ni kànga, ilé ìdáná, balùwẹ̀ àti ṣáláńgá máa ń wà. Ní Ẹpẹ́tẹ̀dó tí kò jìnnà, agboolé ni wọ́n fi tẹ ìlú dó. Agboolé 21 ni a mọ̀ mọ́ ìdílé Òṣòdì Tápà níbẹ̀. Yálà nílé Àgùdà tàbí nínú agboolé, kò sí ohun tó ń jẹ́ yàrá ọmọ. Ibi tí ẹní bá bọ́ sí ni ọmọ ń sùn: lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìyá àgbà, nínú pálọ̀, ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ nígbà ooru.

Ètò yẹn ní ọgbọ́n tirẹ̀, kò sì yẹ kí akẹ́kọ̀ọ́ máa fojú àìlajú wò ó. Ọmọ kì í dá wà lóru. Bí ibà bá gbé e dé, àgbàlagbà méjì tàbí mẹ́ta á ti gbọ́ ìkérora rẹ̀ kí ilẹ̀ tó mọ́. Ibi tí ètò náà ti kù díẹ̀ káàtó ni omi àti ìgbẹ́. Ilé Omi tí ìdílé da Rocha ní ní òpópónà Kakawa gba orúkọ rẹ̀ nítorí kànga tó wà níbẹ̀, tí àwọn ará Èkó ń lọ ra omi. Ní nǹkan bí 1910 ni wọ́n kọ́ ilé iṣẹ́ omi Ìjù, tí omi ẹ̀rọ fi wá dé Erékùṣù, síbẹ̀ ẹnu ẹ̀rọ ìta ni ọ̀pọ̀ ilé ti ń pọn ọ́n. Ní ti ìgbẹ́, garawa ni, àwọn agbépòó ló sì ń wá gbé e lóru. Ìdí tí balùwẹ̀ àti ṣáláńgá fi wà ní òpin àgbàlá nìyẹn: òórùn ló lé wọn jìnnà sí ibi tí èèyàn ń sùn. Nígbà tí fọ́ọ̀ṣì dé, tí omi ń gbé ìgbẹ́ lọ sínú sókàwéè, kò sí ìdí yẹn mọ́, ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀ ilé ṣì fi balùwẹ̀ sílẹ̀ ní àgbàlá, tí ọmọ fi ní láti sọ̀ kalẹ̀ láti orí pẹ̀tẹ́ẹ̀sì nínú òkùnkùn.

Ní 1924, àjàkálẹ̀ àrùn tí eégbọn ara eku ń gbé kiri bẹ́ sílẹ̀ ní Èkó, ìjọba wá rí i bí àwọn èèyàn ṣe há mọ́ra tó. Ní 1928 wọ́n dá ìgbìmọ̀ Lagos Executive Development Board sílẹ̀, èyí tí gbogbo Èkó mọ̀ sí LEDB. Láti 1955 ni ìgbìmọ̀ yìí ti ń wó ilé ní àárín Èkó, tó sì ń kó ọ̀pọ̀ ẹbí lọ sí Sùúrùlérè. Peter Marris kọ ìwé kan nípa ìṣípòpadà náà, ó jáde ní 1961, ó sì tún yẹ ní kíkà fún ẹnikẹ́ni tó bá fẹ́ ya pùláànù ilé. Ohun tó hàn níbẹ̀ ni pé ilé tuntun lè dára ju ti àtijọ́ lọ, kí ayé ẹni tó ń gbé inú rẹ̀ sì nira sí i, nítorí pé a ti yà á kúrò lọ́dọ̀ ìyá, ẹ̀gbọ́n àti oníbàárà rẹ̀. Fún iṣẹ́ tiwa, ẹ jẹ́ ká mú un báyìí: bí a bá ń fún àwọn ọmọ ní yàrá ọ̀tọ̀, kí ó ṣì wà níbi tí àgbàlagbà kan á ti gbọ́ ohùn wọn lóru. Yàrá ìyá àgbà tó bá kọjú sí ti àwọn ọmọ dára ju kámẹ́rà lọ.

Ka orí kí o tó fa ìlà

Iye ọmọ tó ń sùn nílé ni kí o kà, kì í ṣe iye ọmọ tí ìyá ilé bí. Ní Lafiaji, ìyàtọ̀ àárín méjèèjì kì í kéré. Ọmọ ẹ̀gbọ́n tó wá láti Ẹpẹ́ kó lè lọ sílé ìwé ń bẹ níbẹ̀. Àbúrò ìyàwó tó ń kọ́ṣẹ́ ń bẹ níbẹ̀. Lọ́jọ́ Iléyá tàbí lọ́jọ́ ìsìnkú, ẹ̀gbọ́n àti àbúrò á kó ọmọ wọn wá, orí á di ìlọ́po méjì. Ọmọ ọ̀dọ̀ náà kà. Òun gan-an sábà máa ń jẹ́ ọmọdé, àmọ́ ilẹ̀ ilé ìdáná ni wọ́n ń tẹ́ ẹní rẹ̀ sí. Èkó ní Òfin Ẹ̀tọ́ Ọmọdé láti 2007, òfin yẹn kò sì ní ọmọ ọ̀dọ̀ kì í ṣe ọmọ. Ẹni tó bá ya pùláànù tí kò fi àyè bẹ́ẹ̀dì sílẹ̀ fún un kò tíì parí iṣẹ́.

Òṣùwọ̀n tí UN-Habitat, àjọ àgbáyé tó ń rí sí ọ̀rọ̀ ibùgbé, ń lò ni pé kí ẹni tó ń sùn nínú yàrá kan má ju mẹ́ta lọ. Bó bá ju bẹ́ẹ̀ lọ, ilé náà ti há jù. Ọ̀pọ̀ ilé kojú-sí-mi-kí-n-kojú-sí-ọ ní Erékùṣù ló kọjá òṣùwọ̀n yìí, a kò sì lè fi ìwé kan tún un ṣe. Ohun tó wà níkàáwọ́ ẹni tó ń pète ni láti mọ ẹni tó lè bá ẹnìkejì sùn àti ẹni tí kò yẹ kó bá a sùn mọ́.

Ọmọ ọwọ́ yóò wà lọ́dọ̀ ìyá rẹ̀, kò nílò yàrá. Láti nǹkan bí ọdún mẹ́ta, yóò bá àwọn ẹ̀gbọ́n rẹ̀ sùn, bẹ́ẹ̀dì ìsàlẹ̀ ni tirẹ̀, ọ̀nà rẹ̀ sí ilé ìgbọ̀nsẹ̀ sì gbọ́dọ̀ kúrú. Nígbà tí ọmọ bá fi máa pé ọdún mẹ́wàá, ọ̀rọ̀ yí padà. Ẹ̀kọ́ ẹ̀sìn Ìsílàámù, tí ìdílé púpọ̀ ní Lafiaji ń tẹ̀ lé, ní kí a ya ibùsùn àwọn ọmọ sọ́tọ̀ ní ọjọ́ orí yẹn. Àwọn ìyá tó jẹ́ onígbàgbọ́ náà ń ṣe é láì dúró de ìwé kankan. Nítorí náà, ilé tó bá ní ọkùnrin àti obìnrin nílò yàrá méjì fún àwọn ọmọ, tàbí yàrá kan tí ó fẹ̀ tó láti fi ògiri páálí pín sí méjì, kí ìdá kọ̀ọ̀kan sì ní fèrèsé tirẹ̀. Ìdá tí kò ní fèrèsé ti di ibi ìkẹ́rù-sí; ẹ má ṣe jẹ́ kí káfíńtà tàn yín.

Balùwẹ̀

Ìlànà kìíní ni pé kí gbogbo ibi tí omi ti ń ṣiṣẹ́ wà papọ̀. Kí balùwẹ̀ òkè wà lórí balùwẹ̀ ìsàlẹ̀, kí ilé ìdáná fẹ̀yìn ti ògiri kan náà. Páìpù ìgbẹ́ oní-íǹṣì mẹ́rin á wá sọ̀ kalẹ̀ gbọọrọ, láì yí síhìn-ín láì yí sọ́hùn-ún. Níbi tó bá ti dùbúlẹ̀, kí ó máa rẹ̀ sílẹ̀ ní nǹkan bí íǹṣì kan nínú ẹsẹ̀ bàtà mẹ́rin. Bó bá tẹ́jú jù, ìgbẹ́ á dúró sójú ọ̀nà. Bó bá da gẹ̀rẹ́ jù, omi á sáré fi ìgbẹ́ sílẹ̀. Plọ́ńbà gidi mọ èyí. Ẹni tó bá ní kò sí nǹkan tó kan òun, kí o wá ẹlòmíràn.

Ìlànà kejì kan ìwúwo ilé, ibẹ̀ ló sì yẹ kí akẹ́kọ̀ọ́ Erékùṣù pẹ́ sí jù. Ilé àtijọ́ tí wọ́n fi pákó ṣe ilẹ̀ òkè rẹ̀ kò retí balùwẹ̀. Bí a bá da kọnkéré síbẹ̀, tí a to búlọ́ọ̀kù oní-íǹṣì mẹ́fà yí i ká, tí a lẹ táìsì, tí a wá gbé táńkì lé orí rẹ̀, a ti di ẹrù tí ilé kò rù rí lé e lórí. Omi lítà 1,000 wọn kìlógíráàmù 1,000, ìyẹn tọ́ọ̀nù kan, láì tíì ka táńkì àti irin tó gbé e dúró. Ní ọjọ́ kẹtàlá oṣù kẹta 2019, ilé kan wó ní Ìta Fájì, ní òpópónà Massey. Ilé ìwé ọmọdé wà lórí pẹ̀tẹ́ẹ̀sì rẹ̀, èèyàn bí ogún ló kú, ọmọdé sì wà nínú wọn. Ibẹ̀ kò jìnnà sí Lafiaji. Ẹsẹ̀ ni wọ́n fi ń rìn dé ibẹ̀. Lẹ́yìn irú èyí, kò sí ẹni tó yẹ kó tún máa sọ pé bíríkìlà àdúgbò ti sọ pé ilé yóò gbà á. Ẹnjiníà ni yóò yẹ òpó àti bíìmù wò. LASPPPA ni ó ń fọwọ́ sí pùláànù ní Èkó, LASBCA ni ó ń bójú tó iṣẹ́ ilé kíkọ́, ìjọba sì ní ilé àyẹ̀wò tí wọ́n ti ń dán kọnkéré àti irin wò. Bí ilé bá ti gbó, ẹ fi táńkì sílẹ̀ lórí ìpìlẹ̀ tirẹ̀ ní àgbàlá, kí ẹ̀rọ máa ti omi lọ sókè. Iná mànàmáná tó ń ṣe ségesège yóò fa wàhálà díẹ̀. Kó fa wàhálà.

Ìlànà kẹta jẹ́ ti ilẹ̀ abẹ́. Omi kò jìnnà sókè ilẹ̀ ní Erékùṣù. Ní oṣù kẹfà tí òjò ń rọ̀ jù, ẹni tó bá gbẹ́lẹ̀ kì í pẹ́ kàn án. Ìwé òṣùwọ̀n Sphere tí àwọn aṣèrànwọ́ káàkiri ayé ń lò ní kí ìsàlẹ̀ ihò ìgbẹ́ fi mítà kan àti ààbọ̀ ga ju omi abẹ́ ilẹ̀ lọ, kí ó sì jìnnà sí kànga ní 30 mítà. Ní ilẹ̀ tí gbogbo rẹ̀ kò gùn tó 30 mítà, ta ni yóò ṣe èyí? Ohun tó kù ni kí a fi kọnkéré dí ìsàlẹ̀ àti ẹ̀gbẹ́ táńkì ìgbẹ́ pa, kí ó má lè jò, kí a máa pe ọkọ̀ tó ń fa sókàwéè kí ó tó kún. Kí ìdérí rẹ̀ wà níbi tí rọ́bà ọkọ̀ náà lè dé láti ojú títì, kì í ṣe lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì ọmọ tàbí lábẹ́ síńkì. Omi kànga inú ọgbà, ẹ fi fọ ilẹ̀, ẹ fi fọ́ọ̀ṣì, ṣùgbọ́n omi tí ọmọ yóò fi fọ eyín gbọ́dọ̀ jẹ́ èyí tí a sè tàbí tí a tọ́jú.

Nínú balùwẹ̀ fúnra rẹ̀, ohun tó sàn jù fún ìdílé tó pọ̀ ni pé kí ilé ìgbọ̀nsẹ̀ àti ibi ìwẹ̀ ní ilẹ̀kùn ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀, kí síńkì ìfọyín wà níta méjèèjì, lójú ọ̀dẹ̀dẹ̀. Ẹ jẹ́ ká ṣe ìṣirò òwúrọ̀ ọjọ́ ilé ìwé. Èèyàn méje ni. Kóówá nílò ìṣẹ́jú mẹ́fà fún ìwẹ̀, mẹ́rin fún ìgbọ̀nsẹ̀, méjì fún ẹnu fífọ̀, ìyẹn méjìlá. Bó bá jẹ́ yàrá kan ṣoṣo ni, méje lọ́nà méjìlá jẹ́ ìṣẹ́jú 84, ẹni ìkẹyìn á pẹ́ délé ìwé. Bí a bá pín in sí mẹ́ta, ìwẹ̀ tó ń gba àkókò jù ni yóò pinnu: méje lọ́nà mẹ́fà, ìṣẹ́jú 42. A ti gba ìṣẹ́jú 42 padà láì fi ẹsẹ̀ bàtà púpọ̀ kún ilé. Ilé ìgbọ̀nsẹ̀ lè jẹ́ ẹsẹ̀ bàtà 3 lọ́nà 5, ibi ìwẹ̀ 4 lọ́nà 5. Síńkì tó wà níta tún wúlò fún àlùwàlá, kí ẹni tó fẹ́ kírun Àsùbáà má bàa máa kan ilẹ̀kùn mọ́ ẹni tó ń wẹ̀. Ẹ fi àyè pẹrẹsẹ kan sílẹ̀ fún bútà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìgbọ̀nsẹ̀. Àwọn Mùsùlùmí kì í fẹ́ kí ẹni tó jókòó kọjú tàbí kẹ̀yìn sí kíbílà. Láti Èkó, ìhà ìlà-oòrùn tó dagun sí àríwá ni kíbílà wà, kí plọ́ńbà mọ̀ kó tó so ìjókòó.

Ilẹ̀ balùwẹ̀ gbọ́dọ̀ fi íǹṣì kan rẹlẹ̀ ju ilẹ̀ ọ̀dẹ̀dẹ̀, kí ó sì máa rọra rẹ̀ lọ síbi ihò omi. Táìsì tó rí gbágungbàgun lábẹ́ ẹsẹ̀ ni kí ẹ lò; èyí tó ń dán máa ń gbé ọmọ ṣubú. Ní ògiri, kí táìsì ga tó ẹsẹ̀ bàtà mẹ́fà níbi ìwẹ̀, nítorí omi tó bá ń rọ́ wọ ògiri ló ń mú kí yàrá ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ máa rùn bí aṣọ tí kò gbẹ. Mo ti rí ilé tí wọ́n ná owó ribiribi sórí POP àjà pálọ̀, tí balùwẹ̀ ọmọ kò sì ní fèrèsé tí ọwọ́ á gbà kọjá. Fèrèsé kékeré lókè ògiri, ẹsẹ̀ bàtà kan àti ààbọ̀ lọ́nà méjì, tó.

Ilẹ̀kùn balùwẹ̀ ọmọ, ìta ni kó máa ṣí sí. Bí ọmọ bá ṣubú sẹ́yìn ilẹ̀kùn tó ń ṣí sínú, kò sí ẹni tó máa lè wọlé bá a. Kí kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ jẹ́ irú èyí tí àgbàlagbà lè fi owó ẹyọ yí láti ìta. Ọ̀pọ̀ ilé ló ń tọ́jú omi sínú dúrọ́ọ̀mù ní balùwẹ̀ nítorí pé omi kì í yọ lójoojúmọ́, tí mẹ́rúwà kì í sì í wá ní gbogbo ìgbà. Dúrọ́ọ̀mù yẹn gbọ́dọ̀ ní ìdérí tó wúwo, nítorí omi tí kò tó gìgísẹ̀ tó láti gba ẹ̀mí ọmọ tó ń ta gẹ̀ẹ́gẹ̀ẹ́. Omi tútù ni kí ó kọ́kọ́ wọ bọ́kẹ́ẹ̀tì, kí ti gbígbóná tẹ̀ lé e. Omi tó gbóná dé digíì 60 lè bó awọ ọmọ láàárín ìṣẹ́jú àáyá díẹ̀, nítorí náà bí ẹ bá so ẹ̀rọ ìmómigbóná, ẹ má jẹ́ kó kọjá 49. Ní ti irin tí wọ́n ń rì bọ bọ́kẹ́ẹ̀tì láti fi mú omi gbóná, kò yẹ kí sọ́kẹ́ẹ̀tì tí wọ́n lè kì í bọ̀ wà nínú balùwẹ̀ rárá.

Yàrá

Nígbà tí balùwẹ̀ bá ti gba ipò rẹ̀, yàrá tó sún mọ́ ọn jù ni ti àwọn ọmọ, kì í ṣe ti bàbá. Mo mọ̀ pé ọ̀pọ̀ bàbá kò ní fẹ́ gbọ́. Ṣùgbọ́n àgbàlagbà lè rìn lóru. Ọmọ tó ń tọ̀ sílé kò lè dúró.

Èkó wà ní nǹkan bí digíì mẹ́fà àti ààbọ̀ ní àríwá ìlà agbedeméjì ayé. Oòrùn ọ̀sán ń kọjá fẹ́rẹ̀ẹ́ gbọọrọ lórí òrùlé, ti ìrọ̀lẹ́ sì ń gbá ògiri ìwọ̀-oòrùn. Ògiri yẹn á pa ooru mọ́, á máa tú u jáde títí di ààjìn. Kọ́bọ́ọ̀dù, àtẹ̀gùn tàbí balùwẹ̀ ni kí ẹ fi dí ẹ̀gbẹ́ yẹn. Atẹ́gùn òkun ń fẹ́ láti gúúsù ìwọ̀-oòrùn. Bí yàrá bá lè ní fèrèsé méjì ní ògiri tó yàtọ̀ síra, ó á gba atẹ́gùn wọlé, á tì í jáde. Nílé tó fara ti ara, fèrèsé kejì lè má ṣeé ṣe. Ẹ fi lúfà sókè ilẹ̀kùn, kí atẹ́gùn lè kọjá sí ọ̀dẹ̀dẹ̀ bí ilẹ̀kùn tilẹ̀ wà ní títì. Àwọn Àgùdà ti mọ èyí tipẹ́. Ẹ wo òkè ilẹ̀kùn ilé wọn tó kù.

Mátíréẹ̀sì ọmọ tí wọ́n ń tà ní Èkó jẹ́ ẹsẹ̀ bàtà 6 lọ́nà 3. Bẹ́ẹ̀dì alájà méjì, èyí tí àwọn ọmọ ilé ìwé onílé-gbígbé ń pè ní bọ́ńkì, ni yóò gba Lafiaji là. Mú yàrá ẹsẹ̀ bàtà 12 lọ́nà 10. Fi bọ́ńkì kan sí ògiri kọ̀ọ̀kan tó gùn ní 10, kí wọ́n dojú kọ ara wọn. Bọ́ńkì méjèèjì jẹ ẹsẹ̀ bàtà mẹ́fà, mẹ́fà ṣẹ́ kù láàárín. Ọmọ mẹ́rin ti sùn, bó tilẹ̀ fi ẹnì kan kọjá òṣùwọ̀n UN-Habitat. Ní ẹsẹ̀ bọ́ńkì kọ̀ọ̀kan, ó kù tó ẹsẹ̀ bàtà mẹ́rin: tábìlì ìkàwé lọ́tùn-ún, kọ́bọ́ọ̀dù lósì. Lọ́jọ́ àlejò, ẹní méjì á ṣì gba àárín.

Bọ́ńkì ní òfin mẹ́ta. Ọmọ tí kò tíì pé ọdún mẹ́fà kì í sùn lókè. Kí ẹ̀gbẹ́ òkè ní irin ìdènà ní ìhà méjèèjì. Kí ó má sì sí fáànù àjà nínú yàrá náà rárá, nítorí ọmọ tó bá dìde dúró lórí bẹ́ẹ̀dì òkè yóò na orí sí i. Fáànù ara ògiri ni kí ẹ lò. Nígbà tí ẹ bá ń ṣe àjà, ẹ ti kan ìkọ́ fún néẹ̀tì ẹ̀fọn mọ́ ọn, tí bẹ́ẹ̀dì kọ̀ọ̀kan á fi ní tirẹ̀. Ẹni tó bá dúró di ìgbà tí wọ́n bá kó wọlé kó tó wá ibi tí yóò so néẹ̀tì mọ́, á fi ìṣó ba ògiri jẹ́, néẹ̀tì á sì padà wà nínú ọ̀rá rẹ̀.

Fèrèsé orí pẹ̀tẹ́ẹ̀sì nílò irin kí ọmọ má bàa já bọ́, àyè àárín irin kò sì gbọdọ̀ ju íǹṣì mẹ́rin lọ. Síbẹ̀, irin tí kò ṣeé ṣí ti pa èèyàn nígbà tí iná ń jó. Ẹ jẹ́ kí fèrèsé kan nínú yàrá ọmọ ní irin tó ṣeé ṣí láti inú, kí kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ kọ́ sí ògiri níbi tí àgbàlagbà lè nà án dé, kí gbogbo ará ilé sì mọ ibẹ̀. Jẹnẹrétọ̀ kò gbọ́dọ̀ wà lábẹ́ fèrèsé yàrá tàbí ní báńkọ́nì. Afẹ́fẹ́ olóró tó wà nínú èéfín rẹ̀ kò ní òórùn, ẹni tó bá ti sùn lè má jí mọ́.

Àpẹẹrẹ kan

Ká ní ìdílé kan ní Lafiaji fẹ́ tún orí pẹ̀tẹ́ẹ̀sì wọn ṣe. Bàbá, ìyá, ọmọbìnrin ọdún 14 àti 11, ọmọkùnrin ọdún 8 àti 6, ọmọbìnrin ọdún 2. Yàrá mẹ́ta ló wà, pálọ̀ kan, balùwẹ̀ wọn wà ní àgbàlá nísàlẹ̀. Ẹnjiníà ti yẹ̀ ẹ́ wò, ó ní dẹ́kìn igun ẹ̀yìn lè gba balùwẹ̀, ṣùgbọ́n kí táńkì má gun òkè.

Igun ẹ̀yìn yẹn ti di ibi omi. Yàrá tó fara tì í, 12 lọ́nà 10, jẹ́ ti àwọn ọmọbìnrin: bọ́ńkì méjì, ibùsùn mẹ́rin. Méjì ni wọ́n lónìí, ṣùgbọ́n ní ọdún kan sí i, ọmọ ọdún méjì yìí á kúrò lọ́dọ̀ ìyá rẹ̀, ibùsùn ìsàlẹ̀ á ti wà ńlẹ̀ fún un. Ìkẹrin jẹ́ ti ìbátan tó bá wá. Àwọn ọmọkùnrin á gba yàrá kékeré, 10 lọ́nà 9, pẹ̀lú bọ́ńkì kan. Ọmọ ọdún 8 á sùn lókè. Ìyá àti bàbá á gba yàrá iwájú, ti ariwo títì, nítorí ọmọ ilé ìwé tó wà láàárín ọdún 6 sí 12 nílò oorun wákàtí 9 sí 12, òwúrọ̀ kùtùkùtù ni ariwo ọjà sì ń bẹ̀rẹ̀.

Omi: èèyàn méje, ká ní kóówá ń lo lítà 60 lóòjọ́, ó di 420. Táńkì lítà 1,000 ní àgbàlá á gbé wọn fún ọjọ́ méjì. Bí omi bá máa ń dá fún ọjọ́ mẹ́rin, táńkì méjì ni wọn yóò nílò, àgbàlá ni kí méjèèjì wà.

Iṣẹ́ Ṣíṣe

1. Wọn yàrá tí o ń sùn sí nílé, kọ iye ẹni tó ń sùn níbẹ̀, kí o sì sọ bóyá ó kọjá òṣùwọ̀n UN-Habitat.

2. Ìdílé inú àpẹẹrẹ wa gba ìyá bàbá sílé. Orókún ń dùn ún, kò lè gun àtẹ̀gùn. Tún yàrá pín nílé náà, òkè àti ìsàlẹ̀, kí o sì ṣàlàyé ẹni tó máa gbọ́ igbe àwọn ọmọ lóru.

3. Èèyàn mẹ́sàn-án ń lo balùwẹ̀ kan. Lo ìṣẹ́jú tí a fi ṣe ìṣirò nínú orí yìí láti mọ àkókò tí wọn yóò lò bí ìgbọ̀nsẹ̀ àti ìwẹ̀ bá wà papọ̀, àti bí a bá yà wọ́n. Aago mélòó ló yẹ kí ẹni àkọ́kọ́ jí bí wọ́n bá gbọ́dọ̀ parí ní aago méje?

4. Bíríkìlà kan ní òun lè gbé táńkì lítà 2,000 lé orí ilé Àgùdà kan tí ilẹ̀ òkè rẹ̀ jẹ́ pákó. Kọ lẹ́tà sí onílé náà, sọ ìwúwo omi náà fún un, kí o sì dárúkọ àwọn tó gbọ́dọ̀ lọ rí kí iṣẹ́ tó bẹ̀rẹ̀.

5. Ya àwòrán balùwẹ̀ ọmọ tó ní ilẹ̀kùn méjì. Fi ibi tí ihò omi, bútà, fèrèsé àti síńkì yóò wà hàn, kí o sì fi ọfà tọ́ka sí ibi tí ilẹ̀ yóò rẹ̀ sí.